Àwọn ìyàwó ń mú àwòrán làálì Íńdíà wá bá mi: èwo ni kí n yà, èwo ni kí n fi sílẹ̀?

Ìyá Onílàálì, Pákátà

Ẹ̀yin ará mi, àsàlámù àlékùm. Ẹ̀yin tí ẹ kì í ṣe mùsùlùmí, ẹ kú ọjọ́ mẹ́ta o.

Iṣẹ́ làálì ni mò ń ṣe níbí ní Ìlọrin. Ọ̀dọ̀ ìyá mi ni mo ti kọ́ ọ, òun náà kọ́ ọ lọ́dọ̀ ìyá tó bí i. Láyé tiwọn, ewé ni wọ́n ń gún, wọ́n á pò ó, wọ́n á lẹ̀ ẹ́ mọ́ ìyàwó lọ́wọ́ àti lẹ́sẹ̀, wọ́n á dì í, ó di ìdájí kí wọ́n tó tú u. Àtẹ́lẹwọ́ á pọ́n, èékánná á pọ́n, gbogbo ẹni tó bá rí i á mọ̀ pé ọmọ yìí ń relé ọkọ. Ìgbà tí èmi fi dàgbà, sẹ́lótéèpù là ń gé mọ́ wọn lọ́wọ́ kí ọnà lè hàn. Kóònù, ọ̀rá tí a ká ṣóńṣó tí làálì ń gba ẹnu rẹ̀ jáde, ni mò ń lò báyìí, mo sì fẹ́ràn rẹ̀ gan-an, torí ó ń jẹ́ kí n lè ya ohun tó wà lọ́kàn mi.

Ohun tó ń dà mí láàmú rèé. Ìyàwó kì í bi mí mọ́ pé irú ọnà wo ni mo mọ̀. Fóònù ni wọ́n ń nà sí mi. Bí kì í bá ṣe fídíò Instagram, ti TikTok ni, tàbí kí wọ́n ti ya fótò iwájú tẹlifíṣọ̀n níbi tí eré Íńdíà ti Zee World ti ń lọ. Ọwọ́ kún dé ìgbọ̀nwọ́, ẹsẹ̀ kún dé ojúgun: òdòdó, ọ̀kín, erin, ọkùnrin tó wé láwàní, obìnrin tó da ìborùn bojú. "Ìyá, èyí gan-an ni mo fẹ́." Mo lè yà á, ọwọ́ mi gbà á. Ṣùgbọ́n mi ò mọ ohun tí mò ń yà.

Ọmọ kan láti Sábó Òkè mú ọ̀kan wá, ẹnì kan ló jókòó níbẹ̀, orí erin ló wà lọ́rùn rẹ̀. Ìyá àgbà ìyàwó náà wà nítòsí, ó ní kí n gbé fóònù sún mọ́ òun. Ó wò ó títí, ó ní, "Ta nìyí?" Nínú gbogbo àwa tí a wà ní yàrá, àti ìyàwó, àti àwọn ọ̀rẹ́ rẹ̀, àti èmi, kò sí ẹni tó rí èsì fọ̀. Ọmọ náà gbà kí a mú òmíràn, inú rẹ̀ ò sì bàjẹ́. Àmọ́ ìbéèrè ìyá yẹn tọ́. Ọmọ tí wọ́n máa so yìgì rẹ̀ lọ́la, tí áfáà máa gbàdúrà fún, ó yẹ kí ẹni tó ń kun ọwọ́ rẹ̀ mọ ohun tó ń kùn.

Ẹ̀yin tí ẹ ti gbé Íńdíà, tàbí tí ẹ mọ àṣà wọn dunjú, ẹ jọ̀ọ́, ẹ là mí lóye. Èwo ló jẹ́ ti ẹ̀sìn nínú àwọn àwòrán yìí, èwo ló jẹ́ ẹwà lásán? Kí ló dé tí làálì tiwọn fi máa ń pọ́n títí tó fi fẹ́ẹ́ dúdú, tí tèmi nígbà mìíràn ò ní pọ́n kọjá díẹ̀? Àwọn kan tún ti ń ní kí n fi àtàlẹ̀ pupa kun ìyàwó lójú àti lọ́rùn kí n tó ya làálì, wọ́n ní haldi ni wọ́n ń pè é. Mi ò fẹ́ lé ọmọ ọlọ́mọ padà lẹ́nu ọ̀nà, mi ò sì fẹ́ ṣe ohun tí mi ò lè ṣàlàyé fún ìyá rẹ̀.

Ọmọ Ìyẹ̀rú Ọ̀kín, Ọ̀fà

Ìyá wa, wàálékùm sàlámù. Ẹ kú iṣẹ́, ọwọ́ yín ò ní rọ o.

Hyderabad, ìlú ńlá kan ní gúúsù Íńdíà, ni mo ti kàwé. Ilé àwọn mùsùlùmí ni mo gbà yàrá sí, ní àdúgbò àtijọ́ tó yí Charminar ká, ilé gogoro onímínárétì mẹ́rin tí wọ́n kọ́ ní 1591. Nítorí náà, ẹ jẹ́ kí n bẹ̀rẹ̀ láti ibi tí ó máa fi yín lọ́kàn balẹ̀. Làálì, tí wọ́n ń pè ní mehndi, kì í ṣe ti ẹ̀sìn kan ṣoṣo lọ́hùn-ún. Híńdù ń lé e, Síìkì ń lé e, mùsùlùmí ń lé e. Tí wọ́n bá ti rí oṣù ìtúnu ààwẹ̀ lálẹ́, ẹ ò ní ríbi gbé ẹsẹ̀ sí ní ọjà Laad Bazaar tí wọ́n ti ń ta ẹ̀gbà ọwọ́, torí àwọn obìnrin ti na ọwọ́ sílẹ̀ lẹ́bàá ọ̀nà, àwọn ayàlàálì ń yà á fún wọn tẹ̀lé ara wọn. Nínú ìkànìyàn 2011 tí Íńdíà ṣe, mùsùlùmí lé ní 14 nínú ọgọ́rùn-ún, ìyẹn ju mílíọ̀nù 170 lọ. Àwọn ènìyàn ò ronú kan èyí, torí ilé Híńdù ni eré orí tẹlifíṣọ̀n sábà máa ń fi hàn.

Ó wá ku àwòrán. Ẹni tó ní orí erin yẹn, Ganesha ni. Òrìṣà tí Híńdù máa ń ké pè kí wọ́n tó dáwọ́ lé ohunkóhun ni, ìdí tí wọ́n fi ń yà á fún ìyàwó nìyẹn. Bí ẹ bá rí ọkùnrin tó ń fun fèrè, tí obìnrin dúró tì í, Krishna àti Radha ni. Bí ẹ bá rí ìkòkò tí ewé máńgòrò yọ lẹ́nu rẹ̀, tí àgbọn jókòó lé e, kalash ni wọ́n ń pè é, ohun ìjọsìn ni òun náà. Àwọn wọ̀nyí, ẹ fi sílẹ̀ fún ẹni tó ni wọ́n. Kì í ṣe pé wọ́n burú o. Àwọn ọ̀rẹ́ mi tí wọ́n jẹ́ Híńdù fẹ́ràn wọn tọkàntọkàn, ọ̀wọ̀ tiwọn náà ni pé kí a má fi ohun tí wọ́n ń bọ ṣe ọ̀ṣọ́.

Ọkùnrin tó wé láwàní àti obìnrin tó bojú, ìyàwó àti ọkọ ni, kò jù bẹ́ẹ̀ lọ. Èyí tó dà bí omi tó ń kán, tí ẹnu rẹ̀ tẹ̀, èso máńgòrò ni. Ó wà lára aṣọ wọn, ó wà lára léèsì tí àwa náà ń rán. Ọ̀kín ni ẹyẹ orílẹ̀-èdè Íńdíà láti 1963, ẹwà ni wọ́n sì ń fi í sọ. Èmi ọmọ Ọ̀fà ò ní bá ẹnikẹ́ni jà lórí ọ̀kín!

Ṣùgbọ́n ìyá onílé mi ò jẹ́ kí wọ́n ya ohun ẹlẹ́mìí sí òun lọ́wọ́ rárá, ìbáà ṣe ẹyẹ. Òdòdó, ewé àti ìtàkùn ni tirẹ̀. Ọnà kan wà tí wọ́n ń pè ní ti Lárúbáwá: òdòdó ńlá, ewé ńlá, ó máa gba ẹ̀yìn ọwọ́ kọjá ní ìdábùú láti ọrùn ọwọ́ dé orí ìka kan, àyè á sì ṣí sílẹ̀ láàárín. Tí ìyàwó bá jẹ́ ọmọ áfáà, èyí ni kí ẹ kọ́kọ́ fi hàn án. Kò ní gbà yín lákòókò tó ti tọwọ́tẹsẹ̀ kíkún yẹn, fótò rẹ̀ sì máa ń hàn dáadáa.

Ohun kan tún wà tí mo mọ̀ pé àwọn ìyàwó yín máa fẹ́. Wọ́n máa ń fi orúkọ ọkọ pamọ́ sáàárín ọnà, ọkọ á wá a títí lálẹ́ ìgbéyàwó. Wọ́n sì máa ń sọ pé bí làálì bá ṣe pọ́n tó ni ìyá ọkọ máa ṣe fẹ́ràn ìyàwó tó. Ìyá onílé mi ní irọ́ ni, pé tòun pọ́n dáadáa.

Ti haldi: àtàlẹ̀ pupa tí wọ́n lọ̀ ni, wọ́n á pò ó mọ́ òróró tàbí omi ròósì, ẹbí á máa fi pa ìyàwó lára kí ara rẹ̀ lè dán. Híńdù ń ṣe é, àwọn mùsùlùmí Hyderabad náà ń ṣe é, manjha ni tiwọn ń jẹ́. Nítorí náà, ẹbí ló ni ín, kì í ṣe òrìṣà. Àmọ́ ẹ sọ fún wọn pé kí wọ́n má wọ aṣọ tí wọ́n fẹ́ràn, kò ní ṣeé fọ̀.

Ibi tí mo ti máa ń bínú ni ti àwọn tó ń ya fótò ṣáájú ìgbéyàwó, tí wọ́n á dá iná sílẹ̀, tí wọ́n á ní kí ìyàwó àti ọkọ máa yí i ká, kí ọkùnrin fi àtíkè pupa sí obìnrin ní àárín irun. Ìgbéyàwó gan-an nìyẹn! Àtíkè pupa yẹn, sindoor, àmì pé obìnrin ti lọ́kọ ni. Òfin ìgbéyàwó Híńdù ti 1955 kọ ọ́ sílẹ̀ pé níbi tí wọ́n bá ti ń gbé ìgbésẹ̀ méje níwájú iná, ìgbésẹ̀ keje ló ń so ìgbéyàwó náà. Bí ará Íńdíà kan bá wá sí Ìlọrin, tó bá ọ̀rẹ́ rẹ̀ jókòó síwájú áfáà, tí wọ́n ń so yìgì ṣeré nítorí fótò, ṣé inú wa máa dùn?

Nọ́ọ̀sì, Omù-Àrán

Ẹ kú iṣẹ́ o, Ìyá. Ẹ jọ̀wọ́, ẹ jẹ́ kí n gba ẹnu ọmọ Ọ̀fà lórí ọ̀rọ̀ àwọ̀, torí àwọn ìyàwó ló ń jẹ ìyà rẹ̀.

Làálì tòótọ́ kì í dúdú kirikiri. Ó máa ń bẹ̀rẹ̀ ní pupa fẹ́ẹ́rẹ́, á wá pọ́n, á pọ́n títí. Ẹnikẹ́ni tó bá sọ pé làálì òun máa dúdú láàárín wákàtí kan ti po dáì irun mọ́ ọn. Èròjà tó wà nínú dáì yẹn ni wọ́n ń pè ní PPD. Irun ni wọ́n ṣe é fún. Ní Yúróòpù, òfin ò gbà kí PPD tó máa dé orí ènìyàn ju 2% lọ, wọn ò sì gbà á fún awọ ara rárá.

Mo ti rí ìyàwó tó wá bá wa lẹ́yìn ọjọ́ mélòó kan tó ṣègbéyàwó. Ọwọ́ rẹ̀ wú, ó ń yún un, ó ti lé ròrò, ròrò náà sì tẹ̀ lé ọnà tí wọ́n yà fún un, òdòdó jẹ́ òdòdó, ewé jẹ́ ewé. Ó jinná, àpá rẹ̀ ò lọ. Ohun tí ọ̀pọ̀ ò mọ̀ ni pé ara tó bá ti bá PPD jà lẹ́ẹ̀kan kì í gbàgbé. Bí obìnrin náà bá kun irun rẹ̀ lẹ́yìn ọdún mẹ́wàá, ojú rẹ̀ lè wú débi tí kò ní lè là á. Ẹlòmíràn lè lo dúdú yẹn lẹ́ẹ̀mejì kí nǹkan kan má ṣe é, kó jẹ́ pé ẹ̀ẹ̀kẹta ló máa mú un. Ìdí nìyí tí "mo ti lò ó rí" kò fi jẹ́ ẹ̀rí.

Ọ̀rọ̀ kejì, ẹ má lé làálì fún ọmọ ọwọ́, kódà èyí tó mọ́. Àwọn ọmọ kan wà tí ẹ̀jẹ̀ wọn ò ní G6PD tó, ìyẹn èròjà kan tó ń dáàbò bo ẹ̀jẹ̀, ó sì wọ́pọ̀ nílẹ̀ wa. Làálì tó bá gba awọ ara irú ọmọ bẹ́ẹ̀ wọlé lè máa fọ́ ẹ̀jẹ̀ rẹ̀ títí ojú rẹ̀ á fi pọ́n bí ti ọmọ tó ní ibà pọ́njú. Kí àwọn ẹbí tó bá fẹ́ kí ọmọ ìkókó náà bá ìyàwó ṣe ọ̀ṣọ́ ra bàtà tuntun fún un.

Ìyá Onílàálì, Pákátà

Ọlọ́run á san yín lẹ́san. Nọ́ọ̀sì, ọ̀rọ̀ dúdú yẹn, mo ti ń kọ̀ ọ́ fún àwọn ènìyàn, ṣùgbọ́n mi ò ní àlàyé ju pé ọkàn mi ò gbà á. Àlàyé ti wà báyìí. Mo máa ní kí ọmọ mi kọ ọ́ sára ògiri.

Ọmọ Ọ̀fà, orúkọ ọkọ tí wọ́n ń fi pamọ́ yẹn wù mí púpọ̀. Ẹ̀yin tí ẹ ń yà á, báwo lẹ ṣe ń mú kó pọ́n?

Àdùkẹ́ Kóònù, Tánkẹ̀

Ẹ kú ọjọ́ o, Ìyá mi. Ọmọ ẹ̀yin ni èmi jẹ́ nínú iṣẹ́ yìí, àwọn akẹ́kọ̀ọ́ Yunifásítì ni oníbàárà mi. Bí mo ṣe ń ṣe é rèé.

Ewé kan náà ni tiwa àti tiwọn. Sojat ní ìpínlẹ̀ Rajasthan, níbi tí ilẹ̀ ti gbẹ tí oòrùn ti mú, ni òkìkí làálì wọn ti ń jáde. Ohun tó yàtọ̀ ni pé wọ́n máa ń kù ú kúnná gan-an. Èyí tí à ń rà nínú ọjà máa ń ní igi àti iyanrìn, a máa dí ẹnu kóònù, kò sì ní jẹ́ kí àwọ̀ jáde dáadáa. Mo máa ń fi aṣọ múlọ́múlọ́ kù ú lẹ́yìn tí mo bá ti fi asẹ́ kù ú.

Omi lásán kọ́ ni mo fi ń pò ó. Omi ọsàn wẹ́wẹ́ ni, torí ohun tó kan ló ń jẹ́ kí lawsone, èròjà tó ń pọn ọwọ́, jáde nínú ewé díẹ̀díẹ̀. Mo máa ń fi ṣúgà díẹ̀ sí i kó lè lẹ̀ mọ́ ara, kó má tètè gbẹ já bọ́. Mo á wá kán òróró ewéko olóòórùn, lavender tàbí tea tree, sí i, èyí ló ń mú un pọ́n jù. Mo á bò ó, mo á fi í sílẹ̀ láti wákàtí 6 sí 12. Nígbà ooru ó máa ń yá, nígbà ọyẹ́ ó máa ń pẹ́. Bí ẹ bá fẹ́ mọ̀ bóyá ó ti tó, ẹ fi bíńtín sí àtẹ́lẹwọ́ yín fún ìṣẹ́jú márùn-ún. Bí ojú ibẹ̀ bá ti pọ́n, ó ti ṣe tán.

Ìyá, mo ti rí ẹni tó ń kán kẹrosíìnì sí i. Ẹ má gbà á láyè ní sàkáání yín.

Ibi tí àwọn ìyàwó ti ń ba iṣẹ́ wa jẹ́ ni pé wọ́n máa ń fọ̀ ọ́. Ó yẹ kó wà lára wọn fún wákàtí 6, ó kéré tán. Tó bá mọ́jú, ó dára jù. Kí wọ́n fi ẹ̀yìn ọ̀bẹ tí kò mú ha á kúrò, kí wọ́n fi òróró pa á, kí omi má kàn án di ọjọ́ kejì. Á ṣì pupa fẹ́ẹ́rẹ́ nígbà tí wọ́n bá ha á, ẹ̀rù á máa ba ìyàwó. Ẹ sọ fún un kó fọkàn balẹ̀, láàárín wákàtí 24 sí 48 ni á pọ́n dé ibi tó máa pọ́n dé. Àtẹ́lẹwọ́ àti àtẹ́lẹsẹ̀ ló ń pọ́n jù, torí awọ ibẹ̀ nípọn. Apá òkè ò lè pọ́n tó o, ohunkóhun tí ẹ bá ṣe sí i. Àwọn fídíò wọ̀nyẹn sábà máa ń ya ọwọ́ nígbà tí làálì tútù ṣì wà lórí rẹ̀, ìyẹn ló fi dúdú tó bẹ́ẹ̀.

Nítorí náà, bí yìgì bá jẹ́ ọjọ́ Sátidé, ọjọ́bọ̀ ni kí ẹ ya làálì. Ẹni tó bá pè yín ní alẹ́ Jímọ̀, ẹ sọ fún un bí ó ṣe máa rí kí ẹ tó gba owó rẹ̀.

Aláse, Ajásẹ́-Ìpo

Ẹ kú ìjíròrò. Kì í ṣe làálì nìkan, oúnjẹ náà ti dé ọ̀dọ̀ wa. Ìyàwó kan ní kí n se paneer, wàrà àwọn ará Íńdíà, fún àwọn ọ̀rẹ́ òun nítorí ó rí i nínú fídíò, ó ń wá ẹni tó máa bá òun rà á láti Èkó. Mo ní kó dúró. Wàrà tí àwọn ìyá Fúlàní ń gbé kiri níwájú ilé rẹ̀, kí ló pè é? Àwọn ará Íńdíà máa ń fi omi ọsàn tàbí ọtí kíkan dì í, àwọn tiwa ń fi ewé bọ̀m̀bọ̀m̀ dì í. Kò sí èyí tó ń yọ́ lórí iná nínú méjèèjì, ìdí nìyẹn tí wọ́n fi ṣeé dín, tí wọ́n ṣeé gé sínú ọbẹ̀. Mo ra wàrà, mo fi àtàlẹ̀, àlùbọ́sà, tòmátì àti ẹ̀fọ́ tẹ̀tẹ̀ sè é, wọ́n jẹ ẹ́ tán, wọ́n ní kí n tún bù sí i.

Àkàrà náà ńkọ́? Gúúsù Íńdíà ní tiwọn, vada ni wọ́n ń pè é. Wọ́n máa ń rẹ ẹ̀wà dúdú kékeré kan, wọ́n á bó o, wọ́n á lọ̀ ọ́, wọ́n á lù ú kó fẹ́, wọ́n á dá ihò sí i láàárín, wọ́n á dín in. Ẹ sọ fún mi, kí ló kù níbẹ̀ tí Ìyá Alákàrà Ajásẹ́ ò mọ̀? Ọmọ wa ń wo ìyá ẹlòmíràn tó ń fi ọwọ́ ọ̀tún jẹun lórí ẹní, ó ní ó wu òun. Ó wà ní ilé yín!

Bàbá Òkèlele

Mo ti ka gbogbo yín, ẹ ṣeun. Ìyá Onílàálì, ọ̀rọ̀ yín dùn mọ́ mi nítorí pé ẹ béèrè.

Ohun tó ń dùn mí ni pé a ní ọnà. Ẹ̀bá wa níbí ni Dada wà, àwọn ìyá ṣì ń mọ ìkòkò níbẹ̀, wọ́n ṣì ń fa ìlà sí i lọ́rùn kó tó gbẹ. Ẹ wo igbá fífín. Ẹ wo bí òfì ṣe ń tò ní ilà-ilà. Ẹ wo wàláà tí àwọn ọmọ ilé kéwú ń lò, orí rẹ̀ àti ẹsẹ̀ rẹ̀. Ọ̀pọ̀ nínú wọn ni kò ní ohun ẹlẹ́mìí, mùsùlùmí ò sì ní kọ irú wọn. Àwọn ará Íńdíà ya máńgòrò nítorí máńgòrò wà ní ẹ̀yìnkùlé wọn. Ẹ máa ya èyí tí ìyàwó náà fẹ́, mi ò sọ pé kí ẹ má yà á. Ṣùgbọ́n kí tiwa wà nínú ìwé tí ẹ ń fi hàn wọ́n. Ọmọ ò lè yan ohun tí kò rí. Wàláà òfìfo ni kí ẹ yà o, ẹ má kọ áyà Kùránì sí i, torí ọwọ́ ń wọ ibi gbogbo.

Ìyá Onílàálì, Pákátà

Bàbá wa, ẹ ṣeun, ẹ ṣeun. Ẹ ò mọ bí ọ̀rọ̀ wàláà yìí ṣe wọ̀ mí lára tó. Mo ti yà á sí ẹsẹ̀ ọmọ mi ní àárọ̀ yìí, mo fi ìlà òfì yí ọrùn ẹsẹ̀ ká, mo fi ewé tẹ̀ lé e. Ó dáa. Ó dáa gan-an ni.

Ohun tí mo máa ṣe nìyí. Mo máa ra ìwé ńlá kan, mo máa ya gbogbo rẹ̀ sí i fúnra mi: tiwa ní iwájú, ti Lárúbáwá tẹ̀ lé e, kí òdòdó àti máńgòrò Íńdíà wá tẹ̀ lé ìyẹn. Ọ̀kín máa wà níbẹ̀ fún ẹni tó bá fẹ́ ẹ, ṣùgbọ́n mo máa bi í léèrè bóyá ó gbà kí a ya ohun ẹlẹ́mìí sí òun lára kí n tó yà á. Àwọn tí wọ́n ń bọ ò ní sí nínú rẹ̀. Bí ìyàwó tó jẹ́ Híńdù bá sì wá lọ́jọ́ kan, mo máa ya Ganesha fún un dáadáa, torí òun mọ ẹni tí í ṣe.

Àdùkẹ́, ọmọ mi, òróró tea tree yẹn, ṣé Ọjà Ọba ni mo ti máa rí i, àbí ibòmíràn?

Àdùkẹ́ Kóònù, Tánkẹ̀

Ìyá mi, ẹ lọ sí ilé egbòogi ńlá tàbí ọ̀dọ̀ àwọn tó ń ta èròjà ọṣẹ. Ẹ má ra èyí tí wọ́n ti pò mọ́ òróró ìpara, ògidì ni kí ẹ béèrè. Ìgò kékeré máa pẹ́ lọ́wọ́ yín, torí ẹ ò ní kán ju díẹ̀ lọ. Mo ní méjì nílé, mo lè mú ọ̀kan bọ̀ ní Pákátà lọ́sẹ̀ tó ń bọ̀ bí ẹ bá máa jẹ́ kí n rí ẹsẹ̀ tí ẹ ya wàláà sí yẹn.

Ìyá Onílàálì, Pákátà

Máa bọ̀ lọ́jọ́ Àlàmísì, lẹ́yìn ìrun àìlá. Mú kóònù tìrẹ dání, ìyàwó kan ń bọ̀ lọ́jọ́ yẹn, ọwọ́ méjì ò ní pọ̀ jù fún un.